Ẹ Káàárọ̀ Tí Mi Ò Kí

Oṣù márùn-ún gbáko ni mi ò fi kí obìnrin kan tó jù mí lọ dáadáa, tí bẹ́ẹ̀dì wọn kò sì ju ìṣísẹ̀ méjì lọ sí tèmi. Mo mọ bí gbólóhùn yẹn ṣe máa rí létí ọmọ Yorùbá. Ẹ má wulẹ̀ bú mi, mo ti bú ara mi tán. Ilé tí mo ti wá kì í ṣe ilé àìkọ́ni. Mo mọ ìkúnlẹ̀ kí n tó mọ A, B, D. Ṣùgbọ́n inú ló bí mi, tí inú bá sì ti bí mi, ó dìgbà tó bá wù ú kó tó rọ̀. Ìyá mi máa ń sọ pé tí mo bá ń bínú, kí wọ́n kàn gbé oúnjẹ mi pamọ́, pé ebi ló máa bá àwọn nà mí. Òótọ́ ni wọ́n sọ.

Abu Shagara ní Sharjah, ìlú tó múlé gbe Dubai, la ń gbé nígbà yẹn, lókè ṣọ́ọ̀bù kan tí wọ́n ti ń ta mọ́tò tòkunbọ̀. Bẹ́ẹ̀dì mẹ́fà ló wà nínú yàrá kan ṣoṣo, bedspace la ń pè é. Kọ́tìnì lónìkálukú fi yí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ ká, inú kọ́tìnì yẹn náà sì ni pálọ̀ rẹ, ibẹ̀ lo ti ń gbàdúrà, ibẹ̀ lo ti ń sunkún, tí àwọn tó kù á ṣe bí ẹni pé àwọn ò gbọ́. Tèmi jẹ́ aláwọ̀ ewé, tiwọn jẹ́ àǹkárá tí wọ́n gbé wá láti ilé. Láràárọ̀ la jọ ń wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Dubai, ní Al Muraqqabat tó wà ní Deira, níbi tí àwa méjèèjì ti ń tún yàrá òtẹ́ẹ̀lì ṣe.

Ẹ̀gbọ́n ni mo ń pè wọ́n. Ọmọ Ìjẹ̀bú-Òde ni wọ́n, èmi ọmọ Ṣàgámù. Ká ní ilé la wà ni, a lè má mọ ara wa títí ayé, ṣùgbọ́n lójú àwọn ará òtẹ́ẹ̀lì, ìyá kan náà ló bí wa. Àwọn ló kọ́ mi níṣẹ́. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ tẹ́ bẹ́ẹ̀dì, tí mò ń ká etí bẹ́ẹ̀ṣíìtì sábẹ́ mátíráàsì, wọ́n dúró lẹ́yìn mi, ọwọ́ wọn wà ní ìbàdí. Wọ́n ní, "Ìwọ ọmọ yìí, bẹ́ẹ̀dì lò ń tẹ́ ni, àbí mọ́ínmọ́ín lò ń pọ́n?" Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Láti ọjọ́ náà ni mi ò ti jìnnà sí wọn mọ́.

Nǹkan ti dojú rú ní Dubai lásìkò tí mò ń sọ yìí. Owó àwọn tó ń kọ́lé ti tán. Àwọn kéréènì gíga dúró gbagidi sórí ilé tí wọn ò kọ́ parí, ọwọ́ wọn nà síbi tó nà sí lọ́jọ́ tí iṣẹ́ dúró, ẹyẹlé sì ń bà lé e. Àwọn òyìnbó ń já mọ́tò wọn sílẹ̀ ní ẹ́apọ́ọ̀tù, wọ́n ń sá lọ sílé wọn, eruku á bò ó títí ẹnìkan á fi ìka kọ nǹkan sára gíláàsì rẹ̀. Òtẹ́ẹ̀lì wa ti àjà mẹ́ta tó wà lókè pa. Súpáfáísọ̀ á ní ká lọ nu yàrá tí ẹnikẹ́ni ò sùn sí, kí ọwọ́ wa má ṣáà dilẹ̀. Kò sí ọ̀sẹ̀ kan tí wọn ò ní sọ fún ẹnìkan pé khalas, iṣẹ́ ti parí, máa lọ sílé.

Àárín ìyẹn ni bàbá mi kú. Èmi ò mọ̀. Ẹ̀gbọ́n ló mọ̀.

Àwọn ará ilé mi ló pè wọ́n, pé kí wọ́n má tíì sọ fún mi. Ta ni ò mọ àṣà yìí nínú wa? A kì í já irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lu ẹni tó wà lókèèrè. A máa ń wá àgbà kan tó wà nítòsí rẹ̀ ni, àgbà náà á máa wò ó, á máa bá a jẹun, títí ara rẹ̀ á fi le tó láti gbà á. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni Ẹ̀gbọ́n fi kẹ́ mi. Pánla tí wọ́n gbé wá láti ilé, tí wọ́n ń tọ́jú bí ẹyin, wọ́n sè é fún mi. Wọ́n di irun mi. Wọ́n ń bá mi gbé báàgì nínú bọ́ọ̀sì. Tí mo bá fẹ́ pe ilé, wọ́n á ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ọ̀hún ò dáa lọ́sẹ̀ yìí, ká kọ́kọ́ jẹun ná. Lọ́jọ́ tí mo rí àbúrò mi bá sọ̀rọ̀, ó ní bàbá wà lóko. Bàbá tí orúnkún ò jẹ́ kí wọ́n dé ìta! Mi ò tiẹ̀ rò ó. Mò ń jẹun, mò ń rẹ́rìn-ín, mo sì ń sanra. Mi ò sanra tó bẹ́ẹ̀ rí láyé mi.

Ọjọ́ Jímọ̀ ni ìsinmi níbẹ̀, ọjọ́ náà làwọn Krìstẹ́nì ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì. Ní Jímọ̀ kan, Ẹ̀gbọ́n mú màmá méjì bọ̀ láti ṣọ́ọ̀ṣì wọn. Wọ́n jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì mi. Ọ̀kan nínú wọn ní, "Ọmọ wa, ẹ̀yin ọmọ lẹ máa gbẹ̀yìn wa o." Kí màmá náà tó parí ọ̀rọ̀ ni mo ti mọ̀. Mùsùlùmí ni bàbá mi, ọjọ́ tí wọ́n kú náà ni wọ́n sin wọ́n. Ká tiẹ̀ ní mo ní ìyẹ́, mi ò lè bá a. Mo mọ ìyẹn dáadáa. Ṣùgbọ́n ìyẹn kọ́ ló wá sí mi lẹ́nu.

Mo ní, "Ẹ̀ ń fún mi ní pánla, bàbá mi wà nínú ilẹ̀! Ẹ jókòó, ẹ̀ ń wo bí mo ṣe ń rẹ́rìn-ín!"

Ẹ̀gbọ́n di ọwọ́ mi mú. "Wọ́n ní kí n rọra ṣe é ni, àbúrò mi. Má bínú."

Mo já ọwọ́ mi gbà. "Ẹ má pè mí ní àbúrò. Ta ló bí yín mọ́ mi? Tó bá jẹ́ èmi ni, ojú ẹsẹ̀ ni màá sọ fún yín. Ojú ẹsẹ̀!"

Àwọn màmá ṣọ́ọ̀ṣì káwọ́ lérí. "Háà! Ọmọ yìí!" Ẹ̀gbọ́n kàn dìde, wọ́n lọ bu omi wá fún mi, mi ò sì mu ún.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo ṣí kọ́tìnì mi, mo bá wọn nídìí kẹ́tùlù. Mo kọjá níwájú wọn, mo lọ fọ ẹnu. Mi ò kí wọn. Wọ́n dúró, ife tíì wà lọ́wọ́ wọn, mo sì mọ ohun tí wọ́n ń dúró dè. Àgbà kì í kọ́kọ́ kí ọmọdé láàárọ̀. Ká ní mo la ẹnu mi, mo kàn ní ẹ káàárọ̀, ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ì bá parí sí. Wọn ì bá ní, "Káàárọ̀ o, ṣé o tiẹ̀ rí oorun sùn?" a ì bá sì jọ sunkún bàbá mi. Mo gba ẹ̀yìn wọn padà sínú kọ́tìnì mi. Bí odì ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn.

Ẹni tí kò bá tíì yan odì nínú bedspace rí ò tíì mọ iṣẹ́ tó ń jẹ́ iṣẹ́. Kẹ́tùlù kan, gáàsì kan, balùwẹ̀ kan. Iwájú ni wọ́n ya sọ́tọ̀ fún obìnrin nínú bọ́ọ̀sì, nítorí náà èjìká kan èjìká la jọ ń lọ síbi iṣẹ́, ojú mi wà ní fèrèsé, ojú wọn wà lára dírẹ́bà. Ọmọ Filipini kan tó ń sùn lẹ́bàá ilẹ̀kùn la fi ń ránṣẹ́ sí ara wa, lédè Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ̀gbọ́n á ní, "Bá mi sọ fún un pé gáàsì ti tán." Èmi náà á ní, "Sọ fún wọn pé mo gbọ́, mi ò dití." Lọ́jọ́ kan ó sú u, ó bi wá pé ṣé èdè wa ò jọra ni. Ẹ̀rín fẹ́ pa mí, mo sì rí i pé ó fẹ́ pa Ẹ̀gbọ́n náà. Àwa méjèèjì gbé e mì.

Lẹ́yìn náà làwọn ará yàrá wa bẹ̀rẹ̀ sí í lọ. Àwọn ọmọ Kenya méjì ló kọ́kọ́ lọ, ọ̀sẹ̀ kan náà ni wọ́n dá wọn dúró. Ọmọ Etiópíà kan tẹ̀ lé wọn. Filipini wa yẹn ló gbẹ̀yìn. Lọ́jọ́ tó ń lọ, ó gbá wa mọ́ra lọ́kọ̀ọ̀kan, ó wá mú ọwọ́ mi, ó mú ọwọ́ Ẹ̀gbọ́n, ó fẹ́ fi wọ́n sínú ara wọn. Mo fa tèmi yọ. Mo ní mo gbé omi kaná. Omi wo? Gáàsì ò tiẹ̀ sí nílé lọ́jọ́ yẹn.

Ó wá ku èmi àti Ẹ̀gbọ́n, pẹ̀lú bẹ́ẹ̀dì irin mẹ́rin tí kò ní nǹkan kan lórí. Onílé ò rí ayálégbé mìíràn, ìlú ti ṣófo. Mo mọ ikọ́ wọn. Mo mọ orin tí wọ́n máa ń fi imú kọ tí wọ́n bá ń lọ aṣọ. Yorùbá ń yún mi lẹ́nu débi pé mo máa ń bá pílò sọ̀rọ̀ nínú yàrá òtẹ́ẹ̀lì: "Ìwọ, jókòó dáadáa. Ta ló ṣẹ̀ ẹ́?" Nínú ọkàn mi, "obìnrin yìí" ni mo ṣì ń pè wọ́n, síbẹ̀ mo máa ń tẹ́tí láàárọ̀, bóyá wọ́n á kọ́kọ́ kí mi. Ẹ wo àìnítìjú o.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo wà nínú yàrá tá a ń kó aṣọ bẹ́ẹ̀dì sí, fóònù mi dún. Nọ́ńbà Nàìjíríà ni. Ọkùnrin kan ní, "Ẹ kú iṣẹ́, mà. Àbúrò Ẹ̀gbọ́n yín ni mí, ní Ìjẹ̀bú-Òde. Àwọn ló fún wa ní nọ́ńbà yín, pé tá ò bá rí àwọn, ká pè yín." Ó wá ní, "Màmá wa ti lọ, mà. Àná ni. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì jẹ́ kí wọ́n gbọ́. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ọjọ́ ìsìnkú, kí wọ́n lè mọ ìgbà tí wọ́n máa wọ bàlúù. Ẹ ṣáà bá wa máa wò wọ́n, kí wọ́n máa jẹun. Ọkàn wa balẹ̀ pé ẹ wà níbẹ̀. Kò sígbà tí wọ́n pè tí wọn ò ní ròyìn àbúrò wọn tó ń tọ́jú wọn."

Mo ní, "Ẹ kú ará fẹ́ra kù, sà." Mo jókòó sórí òkìtì táwẹ̀lì. Láti ọjọ́ yìí wá, wọn ò fẹjọ́ mi sùn nílé rí. Àbúrò wọn tó ń tọ́jú wọn! Ojú tì mí débi pé mo fi táwẹ̀lì bo ojú, bẹ́ẹ̀ kò sí ẹnì kankan níbẹ̀.

Ojú ẹsẹ̀ tí mo ń pariwo rẹ̀ náà rèé. Mo délé lọ́jọ́ yẹn, mo bá Ẹ̀gbọ́n nídìí páálí.

Ó ti pẹ́ tí wọ́n ti ń di páálí náà díẹ̀díẹ̀. Ti ìyá wọn ni. Mílíìkì wà níbẹ̀, dàbínù, ìpara tí wọ́n fi ń wọ́ ẹsẹ̀ tó ń dunni, sálúbàtà kan tó rọ̀, àti súwẹ́tà aláwọ̀ eérú kan tó ní bọ́tìnnì ńlá ńlá, nítorí ọyẹ́. Mo rí wọn láti inú àlàfo kọ́tìnì mi. Wọ́n gbé súwẹ́tà náà sáyà ara wọn, wọ́n wọ̀n ọ́n, wọ́n rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n sì ká etí rẹ̀ bí a ṣe ń ká bẹ́ẹ̀ṣíìtì òtẹ́ẹ̀lì. Mo dojú bolẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì mi.

Ìgbà yẹn ni pánla yẹn tó yé mi. Mo wá a dé ṣọ́ọ̀bù àwọn ará wa ní Deira, mo sè é, mo bu tiwọn sínú àwo, mo dé e, mo gbé e sídìí gáàsì. Ilẹ̀ mọ́, ó wà bó ṣe wà. Ta ló máa jẹ oúnjẹ ẹni tí kò kí i? Mo tún fi ìrẹsì dán an wò, ọ̀kan náà ni. Mo mọ ohun tó yẹ kí n ṣe. Kí n kúnlẹ̀, kí n ní ẹ káàárọ̀, ẹ má bínú, ó tán. Mo máa ń dé iwájú kọ́tìnì àǹkárá yẹn láàárọ̀, màá gbọ́ tí wọ́n ń wọ bàtà, ẹnu mi á wúwo. Mò ń sọ fún ara mi pé ẹ̀rù ló ń bà mí, pé tí mo bá kí wọn, ọ̀rọ̀ kejì ńkọ́? Irọ́ ni. Ìgbéraga ni. Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni mo fi ṣe bẹ́ẹ̀.

Nígbà tó di ọjọ́ Jímọ̀, wọ́n fi téèpù lẹ páálí náà pa. Al Muraqqabat ni ilé iṣẹ́ kágò wà, kò jìnnà sí òtẹ́ẹ̀lì wa. Páálí yẹn ju agbára wọn lọ. Wọ́n gbé e dé ẹnu ọ̀nà, wọ́n gbé e kalẹ̀, wọ́n ń mí hẹlẹhẹlẹ. Mo jáde, mo di ẹ̀gbẹ́ kejì mú. Wọ́n wò mí, àwa méjèèjì sì gbé e sọ̀ kalẹ̀ láti àjà kẹta nítorí lífìtì ti bàjẹ́. A gbé e wọ bọ́ọ̀sì, mo fi orúnkún tì í kó má baà yí. Mo ní inú bọ́ọ̀sì ni màá ti sọ ọ́. A wọ Dubai, mi ò sọ ọ́. A sọ̀ kalẹ̀, mi ò sọ ọ́.

Ọkùnrin Íńdíà kan ló wà nídìí kántà. Ó gbé páálí sórí ìwọ̀n, ó fa fọ́ọ̀mù yọ, ó béèrè orúkọ ẹni tó máa gbà á nílé. Ẹ̀gbọ́n fara ti kántà. Inú wọn ń dùn, mo rí i. Wọ́n ní ìyá àwọn ni. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í pe orúkọ ìyá wọn fún un, lẹ́tà kan tẹ̀ lé òmíràn, kó má baà ṣì í kọ.

Mo ní, "Ẹ má jẹ́ kó kọ ọ́. Ìyá yín ti kú."

Báyẹn ni mo ṣe sọ ọ́. Níwájú àjèjì, láàárín páálí olónírúurú, ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tí mo bá wọn sọ láti oṣù márùn-ún. Ọkùnrin kántà ò gbọ́ Yorùbá. Ó gbé bírò dúró, ó ń retí lẹ́tà tó kàn.

Ẹ̀gbọ́n ò ké. Wọ́n yíjú sí mi. "Ọjọ́ wo?"

"Ọjọ́ kẹwàá rèé, mà."

"Ta ló sọ fún ẹ?"

"Àbúrò yín ọkùnrin ni. Wọ́n ní kí n má tíì sọ, wọ́n fẹ́ mú ọjọ́ ìsìnkú. Ẹ ṣì lè bá a, mà, wọn ò tíì sin wọ́n, ìyẹn ni mo fi..."

Wọ́n gbé ọwọ́ sókè. Wọ́n wò mí láti òkè délẹ̀, bí ìgbà tí wọ́n bá ń yẹ bẹ́ẹ̀dì tí mo tẹ́ wò.

"O ò lè kọ́kọ́ kí mi ni?"

Mo di etí páálí mú.

Wọ́n ní, "Ká ní o kí mi nínú yàrá ni. Ká ní o kàn jáde láàárọ̀ ọjọ́ kan, o ní ẹ káàárọ̀. Lẹ́yìn oṣù márùn-ún? Ṣebí màá ti mọ̀ pé ẹnìkan ti kú. Mi ò ní bi ẹ́. Màá wọ inú kọ́tìnì mi lọ, màá sunkún ìyá mi bó ṣe wù mí."

Wọ́n yíjú padà sí kántà, wọ́n pe orúkọ àbúrò wọn fún ọkùnrin yẹn, wọ́n fọwọ́ sí i. Orí àtẹ̀gùn níta ni wọ́n ti wá sunkún, tí wọ́n tú gèlè, tí àwọn èèyàn tó ń rajà ń gba ẹ̀gbẹ́ wọn kọjá. Mo dúró tì wọ́n, mo gbé báàgì wọn dání. Wọn ò ní kí n gbé e, wọn ò sì ní kí n má gbé e.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ lọ sin ìyá wọn, òtẹ́ẹ̀lì ò bẹ̀ wọ́n kí wọ́n padà wá; ó tiẹ̀ rọ àwọn ọ̀gá lọ́rùn láti fagi lé vísà wọn. Lọ́jọ́ kẹrin, mo lọ síbi iṣẹ́ láàárọ̀, mo rò pé alẹ́ ni bàlúù wọn. Ta ni màá bi? Nígbà tí mò ń bọ̀, mo ń fi ìkíni náà kọ́ ẹnu nínú bọ́ọ̀sì, ẹ káàárọ̀, rárá, ẹ káalẹ́ ni, ẹ má bínú, mà. Mo ṣílẹ̀kùn. Kọ́tìnì àǹkárá ò sí mọ́. Bẹ́ẹ̀dì wọn ti dà bíi ti àwọn tó kù, irin lásán. Wọ́n ti fọ kẹ́tùlù, wọ́n gbé e sórí bẹ́ẹ̀dì mi.

International City ní Dubai ni mò ń gbé báyìí, ọdún ti gorí ọdún. Kéréènì ti tún ń yí, wọ́n ti parí àwọn ilé yẹn, wọ́n ti kọ́ òmíràn sí i. Mo ní ilẹ̀kùn tèmi tí mo lè tì, mo sì ṣì ń lo kẹ́tùlù yẹn. Mi ò tíì rí Ẹ̀gbọ́n sójú títí dòní. Nọ́ńbà àbúrò wọn wà lọ́wọ́ mi nígbà náà. Mo tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, mo sì pa á kó tó dún.

Bí oṣù méjì lẹ́yìn tí wọ́n lọ, mo ṣì wà ní Abu Shagara, ìyá mi pè mí ní Jímọ̀ kan. Ẹ̀rín ló wà lẹ́nu wọn, èyí tí mi ò gbọ́ láti ìgbà tí bàbá mi ti kú.

"Ẹ̀gbọ́n ẹ mà wá kí mi o! Láti Ìjẹ̀bú-Òde! Wọ́n kó ẹrù tí o fi rán wọn wá. Ọmọ mi, o ṣeun, wàá jẹun ọmọ. Súwẹ́tà yẹn bá mi mu. Aláwọ̀ eérú, bọ́tìnnì rẹ̀ ńlá ńlá. Sálúbàtà yẹn náà rọ̀ mí lẹ́sẹ̀."

Mi ò rán ẹnikẹ́ni ní nǹkan kan.

"Wọ́n ní kò sí òwúrọ̀ kan tí o kì í kúnlẹ̀ kí àwọn. Wọ́n ní ó hàn pé wọ́n kọ́ ẹ nílé. Mo sunkún ayọ̀. Ṣé òótọ́ ni?"

Èmi tí mo ní ojú ẹsẹ̀ ni kí wọ́n máa sọ òótọ́ fún èèyàn. Mo wo bẹ́ẹ̀dì irin yẹn. Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà." Mo wá ní, "Ṣé wọ́n ṣì wà níbẹ̀? Ẹ fún wọn ní fóònù."

"Áà, ọ̀kadà ti gbé wọn. Ṣùgbọ́n wọ́n ní àwọn ń padà bọ̀. Kí ni kí n bá ẹ sọ fún wọn?"

"Ẹ bá mi kí wọn."

"Kí n ní kí ni?"

"Ẹ ní mo ní ẹ káàárọ̀."

Ìyá mi rẹ́rìn-ín. "Ọ̀sán ti pọ́n níbí o, ìwọ ọmọ yìí."

"Ẹ ṣáà sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, mà. Ẹ sọ fún wọn pé mo kúnlẹ̀." Mo sì kúnlẹ̀ lóòótọ́, fóònù létí mi, láàárín bẹ́ẹ̀dì márùn-ún tó ṣófo.